Bí ẹ ṣe lè ṣírò jíjìnnà, ìgbóná, fífẹ̀ àti ìwúwo ìràwọ̀ tí ojú fẹ́rẹ̀ẹ́ má rí, láti Abẹ́òkúta

Ìbéèrè kan náà ló ń padà wá: báwo ni wọ́n ṣe mọ bí ìràwọ̀ kan ṣe gbóná tó àti bó ṣe tóbi tó, nígbà tí ẹnikẹ́ni ò dé ibẹ̀ rí? Nọ́ńbà mẹ́ta péré ni iṣẹ́ náà gbà. Ẹ lè fi ojú ara yín wá ọ̀kan, ẹ ó rí méjì yòókù lọ́fẹ̀ẹ́ lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kakulétọ̀ inú fóònù á sì ṣe ìyókù. Ohun tó ń da ọ̀pọ̀ èèyàn rú ni pé títóbi ni wọ́n ń sáré wá kí wọ́n tó mọ jíjìnnà. Ìdáhùn kan ló ń bí èkejì níbí, torí náà ẹ má fo ìgbésẹ̀ kankan.

Ìràwọ̀ tí a ó lò ni 51 Pegasi. Magnitude rẹ̀ (òǹkà tí wọ́n fi ń wọn ìmọ́lẹ̀ ìràwọ̀; bó bá ṣe tóbi tó ni ìmọ́lẹ̀ ṣe kéré tó) jẹ́ 5.49, ìyẹn ni pé ojú lásán lè rí i níbi tó ṣókùnkùn dáadáa, àmọ́ ní àárín ìlú kò ṣeé rí rárá. A yàn án torí pé ó jọ oòrùn wa gan-an, èyí tó mú kí ìṣirò rẹ̀ rọrùn. Òun náà ni ìràwọ̀ tí àwọn onímọ̀ ìràwọ̀ Michel Mayor àti Didier Queloz kéde ní 1995 pé plánẹ́ẹ̀tì kan ń yí po, iṣẹ́ tó gba ẹ̀bùn Nobel fún wọn ní 2019.

Ohun tí ẹ máa nílò

- Fóònù tí kakulétọ̀ rẹ̀ ní bọ́tìnnì log, √ àti xʸ. Lórí ọ̀pọ̀ fóònù, ẹ ní láti yí fóònù sí ẹ̀gbẹ́ kí àwọn bọ́tìnnì yìí tó yọ.
- Áàpù tó ń fi ojú ọ̀run hàn, bíi Stellarium.
- Bainókúlà 7×50 tàbí 10×50, pàápàá tí ẹ kò bá lè kúrò nílùú.
- Tọ́ọ̀ṣì tí ẹ fi ọ̀rá pupa wé lójú.
- Ẹní, tàbí àga tó ń nà sẹ́yìn. Ìràwọ̀ yìí máa fẹ́rẹ̀ẹ́ wà lókè orí yín. Ọrùn ò ní gba ìdúró.
- Ìwé àti bírò.

Ìgbà wo, níbo?

Ní Abẹ́òkúta, 51 Pegasi máa ń dé ibi tó ga jù nǹkan bí aago mọ́kànlá alẹ́ níbẹ̀rẹ̀ oṣù Ọ̀wàwà (October), aago mẹ́sàn-án níbẹ̀rẹ̀ November, àti aago méje níbẹ̀rẹ̀ December. Ní ibi gíga yẹn, ó wà ní dígírì 76 lápá àríwá. November ló dára jù nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Òjò ti ń dáwọ́ dúró, ọyẹ́ kò sì tíì dé. Tí òjò kan bá rọ̀ lọ́sàn-án tí ojú ọ̀run sì mọ́ lálẹ́, ẹ má jẹ́ kí alẹ́ yẹn kọjá, torí òjò ti fọ eruku kúrò nínú afẹ́fẹ́. Nígbà tí ọyẹ́ bá wọlé tán, eruku á bo gbogbo ìràwọ̀ kéékèèké, ẹ ò sì ní rí ju àwọn tó mọ́lẹ̀ gan-an lọ.

Ẹ yẹra fún òṣùpá. Alẹ́ tí òṣùpá kò tíì yọ tàbí tó ti wọ̀ ni kí ẹ mú.

Ní ti ibi, Pánṣẹ́kẹ́, Kútọ̀, Ìbarà àti Lafẹ́ńwá kò ṣeé lò fún ojú lásán. Ọ̀pọ̀ á ní kí wọ́n gun orí Olúmọ. Gíga kò ràn yín lọ́wọ́ níbí: gbogbo iná ìlú ni ẹ máa kọjú sí láti orí àpáta. Ọ̀nà Alábàtà, lẹ́yìn yunifásítì FUNAAB, tàbí apá Ọ̀dẹ̀dá sàn jù. Ẹ má dá lọ o. Ẹ sọ fún baálé tàbí àwọn ọdẹ àdúgbò kí ilẹ̀ tó ṣú, torí àjèjì tó ń tan tọ́ọ̀ṣì nínú pápá lóru kì í ṣe ohun tí ẹnikẹ́ni máa fojú fo. Ẹ wọ bàtà tó bo ẹsẹ̀.

Ẹ fún ojú yín ní ogún ìṣẹ́jú sí ọgbọ̀n nínú òkùnkùn kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀. Ẹ dín iná fóònù kù dé ìsàlẹ̀ pátápátá. Wíwo ìsọfúnni WhatsApp kan ṣoṣo tó láti dá yín padà síbẹ̀rẹ̀.

Bí ẹ ṣe máa rí i

1. Ẹ kọjú sí àríwá, kí ẹ sì gbójú sókè títí tí ẹ ó fi fẹ́rẹ̀ẹ́ máa wo òkè orí yín. Apá òsì yín ni ìwọ̀ oòrùn.
2. Ẹ wá ìràwọ̀ mẹ́rin tó ṣe onígun mẹ́rin ńlá. Tí ẹ bá na ọwọ́ síwájú, nǹkan bí ìkúùkù kan ààbọ̀ ló máa bo ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kan.
3. Ẹ dá ẹ̀gbẹ́ òsì mọ̀. Markab ló wà lókè, nítòsí òkè orí yín. Scheat ló wà nísàlẹ̀ rẹ̀, ó sì pupa díẹ̀.
4. Ẹ fi ojú fa ìlà láti Markab dé Scheat, kí ẹ sì dúró ní àárín ìlà náà.
5. Ẹ na apá yín tán, kí ẹ gbé ìka kan sí ibi àárín yẹn. Ìwọ̀n fífẹ̀ ìka kan sí òsì, ní ìta onígun mẹ́rin, ibẹ̀ ni 51 Pegasi wà.
6. Ẹ má tẹjú mọ́ ọn tààrà. Ẹ wo ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ díẹ̀, torí àárín gbùngbùn ojú kọ́ ló ń ríran jù nínú òkùnkùn.

Tí kò bá hàn, ẹ yẹ ojú ọ̀run yín wò kí ẹ tó dá ojú yín lẹ́bi. Inú onígun mẹ́rin náà ni òṣùwọ̀n wà:

- Upsilon Pegasi (4.4) àti Tau Pegasi (4.6) wà nítòsí ara wọn, ní ọ̀tún ìlà Markab àti Scheat. Tí ẹ kò bá rí méjèèjì, ẹ gbé bainókúlà tàbí kí ẹ wá ibòmíràn.
- Phi Pegasi (5.1) wà nítòsí ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún. Tí ẹ bá rí i láìlo ohun kankan, 51 Pegasi kò jìnnà sí yín mọ́.

Nọ́ńbà kìíní: ìmọ́lẹ̀ rẹ̀

Kátálọ́ọ̀gì ti ní magnitude ìràwọ̀ yìí, ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ fojú ara yín wọ̀n ọ́n. Ẹni tó bá ṣe é lẹ́ẹ̀kan ló máa mọ ibi tí àṣìṣe ti ń wọlé.

1. Lórí áàpù, ẹ yan ìràwọ̀ méjì nítòsí 51 Pegasi: kí ọ̀kan mọ́lẹ̀ jù ú lọ díẹ̀, kí magnitude rẹ̀ wà láàrin 5.0 sí 5.3, kí èkejì má mọ́lẹ̀ tó o, láàrin 5.8 sí 6.2. Bainókúlà ló máa fi èkejì hàn yín.
2. Ẹ yan àwọn tí àwọ̀ wọn jọ tirẹ̀. Áàpù máa ń kọ B−V, òǹkà tó ń sọ àwọ̀ ìràwọ̀. Ẹ mú àwọn tó wà láàrin 0.4 sí 0.9.
3. Ẹ fi ojú pín àlàfo ìmọ́lẹ̀ àwọn méjèèjì sí ọ̀nà mẹ́wàá. Ẹ bi ara yín: ọ̀nà mélòó ni 51 Pegasi fi rẹlẹ̀ sí èyí tó mọ́lẹ̀ jù?
4. Tí èyí tó mọ́lẹ̀ bá jẹ́ 5.1, tí èkejì jẹ́ 5.9, tí 51 Pegasi sì bọ́ sí ọ̀nà márùn-ún, àlàfo náà jẹ́ 0.8, ìdajì rẹ̀ jẹ́ 0.4. Ìdáhùn yín ni 5.5.

Ẹ má fi Phi Pegasi ṣe òṣùwọ̀n níbí. Ìràwọ̀ pupa ni, bẹ́ẹ̀ ojú tó bá tẹ̀ mọ́ ìràwọ̀ pupa fún ìgbà pípẹ́ á máa rí i bí ẹni pé ó ń mọ́lẹ̀ sí i. Ẹ má sì fi ìràwọ̀ tó wà nísàlẹ̀ nítòsí ilẹ̀ wọn èyí tó wà lókè orí, torí afẹ́fẹ́ àti eruku ti jẹ lára ìmọ́lẹ̀ ti ìsàlẹ̀. Àwọn tó bá wà ní gíga kan náà, eruku kan náà ló bò wọ́n, ìpalára rẹ̀ á sì pa ara rẹ̀ rẹ́.

Ẹni tó ní kámẹ́rà tó ṣeé tún ṣe lọ́wọ́ lè gba ọ̀nà míì: lẹ́ǹsì 50 mm, f/2.8, ISO 1600, ìṣẹ́jú-àáyá márùn-ún, lórí ìdúró ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta. Ẹ yà á ní RAW, kì í ṣe JPEG, kí ẹ sì jẹ́ kí àwòrán náà ṣe bàìbàì díẹ̀ kí ìmọ́lẹ̀ ìràwọ̀ má bàa kún àkúnwọ́sílẹ̀ lórí ẹyọ píksẹ́lì kan. Ètò kọ̀ǹpútà Siril tàbí AstroImageJ, tí méjèèjì jẹ́ ọ̀fẹ́, á bá yín ka ìmọ́lẹ̀ náà.

Nọ́ńbà kejì àti ìkẹta: parallax àti àwọ̀

Ẹ wọ SIMBAD, àkójọ ìràwọ̀ tó wà ní Strasbourg nílẹ̀ Faransé. Ẹ tẹ 51 Peg, tàbí HD 217014, tó jẹ́ orúkọ rẹ̀ míì. Ẹ kọ nǹkan méjì sílẹ̀.

Àkọ́kọ́ ni parallax: nǹkan bí 64.4 mas (mas kan jẹ́ ìdá kan nínú ẹgbẹ̀rún arcsecond, arcsecond kan sì jẹ́ ìdá kan nínú 3,600 dígírì kan). Bí ayé ṣe ń yí oòrùn po, ìràwọ̀ tó sún mọ́ wa máa ń dà bí ẹni tó ń sún díẹ̀ síwá-sẹ́yìn níwájú àwọn tó jìnnà. Ìdajì ìsún náà, láti òpin kan dé èkejì, ni nọ́ńbà yìí. Kékeré ni: bí ẹni ń wo èékánná ọwọ́ láti kìlómítà 32. Kò sí ohun èlò ilé tó lè wọ̀n ọ́n; awò ìràwọ̀ Gaia ti àwọn ará Yúróòpù, tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí òfuurufú ní 2013, ló ṣe é.

Ìkejì ni àwọ̀. Ẹ mú magnitude B (tí wọ́n wọ̀n nínú ìmọ́lẹ̀ búlúù), kí ẹ yọ magnitude V (èyí tó sún mọ́ ohun tí ojú wa ń rí) kúrò nínú rẹ̀. Ìdáhùn B−V máa tó nǹkan bí 0.67. Tí kátálọ́ọ̀gì kan bá fi 0.02 tàbí 0.03 yàtọ̀ sí òmíràn, kò jẹ́ nǹkan.

Ìṣirò náà

1. Jíjìnnà. 1000 ÷ 64.4 = 15.53 parsec (ìwọ̀n jíjìnnà tí àwọn onímọ̀ ìràwọ̀ ń lò). Ẹ sọ ọ́ di ọdún ìmọ́lẹ̀, ìyẹn ibi tí ìmọ́lẹ̀ ń rìn dé lọ́dún kan: 15.53 × 3.26 = 50.6.

2. Magnitude tòótọ́, ìyẹn bí ìràwọ̀ náà ṣe máa mọ́lẹ̀ tó tí wọ́n bá gbé e sí parsec mẹ́wàá. Log 15.53 jẹ́ 1.191. Ẹ sọ ọ́ di ìlọ́po márùn-ún: 5.956. Lẹ́yìn náà, 5.49 + 5 − 5.956 = 4.53. Ti oòrùn wa jẹ́ 4.83.

3. Agbára ìmọ́lẹ̀. 4.83 − 4.53 = 0.30. 0.30 × 0.4 = 0.12. Ẹ tẹ 10 xʸ 0.12, ẹ ó rí 1.32. Ìmọ́lẹ̀ tí 51 Pegasi ń tú jáde jẹ́ ìlọ́po 1.32 ti oòrùn.

4. Ìgbóná ojú rẹ̀. Fọ́múlà rẹ̀ gùn díẹ̀, torí náà ẹ pín in:
   - 0.92 × 0.67 = 0.616
   - 0.616 + 1.7 = 2.316, 1 ÷ 2.316 = 0.432
   - 0.616 + 0.62 = 1.236, 1 ÷ 1.236 = 0.809
   - 0.432 + 0.809 = 1.241, 1.241 × 4600 = nǹkan bí 5,700 kelvin

5. Fífẹ̀. Ẹ mú √1.32, tó jẹ́ 1.149. Ẹ pín ìgbóná oòrùn sí ti ìràwọ̀: 5772 ÷ 5700 = 1.013; ẹ fi èsì náà sọ ara rẹ̀ di púpọ̀: 1.025. 1.149 × 1.025 = 1.18. Ìràwọ̀ náà fẹ̀ ju oòrùn lọ, ní ìlọ́po 1.18.

6. Ìwúwo. 1.32 xʸ 0.286 = 1.08 ti oòrùn.

7. Agbára tó fi ń fa nǹkan mọ́ra lójú rẹ̀. 1.08 ÷ (1.18 × 1.18) = 0.776. Ti oòrùn jẹ́ 274 m/s², ti ayé jẹ́ 9.8. 0.776 × 274 = 213, tó ju ìlọ́po ogún ti ayé lọ.

Àwọn tó fi irinṣẹ́ ńlá wọ̀n ọ́n ní ìgbóná tó súnmọ́ 5,800 kelvin, fífẹ̀ tó súnmọ́ 1.2, àti ìwúwo tó jẹ́ nǹkan bí 1.1. Ẹ ò jìnnà sí wọn, pẹ̀lú kakulétọ̀ fóònù.

Tó bá jẹ́ 5.5 tí ẹ fojú wọ̀n ni ẹ lò dípò 5.49, kò sí ìyàtọ̀ tó ṣe é sọ. Àṣìṣe 0.3 ni kí ẹ bẹ̀rù: ó máa yí agbára ìmọ́lẹ̀ padà ní nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta, ó sì máa yí fífẹ̀ padà ní nǹkan bí ìdá kan nínú méje. Fífẹ̀ kì í tètè bàjẹ́ torí √ ń dín àṣìṣe kù. Ìgbóná kò ní yẹ̀ rárá, torí àwọ̀ nìkan ló gbára lé.

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀

*Ìdáhùn jíjìnnà jẹ́ 0.0155.* Ẹ pín 1 dípò 1000. Nọ́ńbà SIMBAD wà ní mas, kì í ṣe arcsecond.

*Magnitude tòótọ́ yí sí nǹkan bí −3.2.* Ẹ tẹ ln dípò log. Àwọn bọ́tìnnì méjèèjì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, èyí sì ni àṣìṣe tó pọ̀ jù nínú gbogbo wọn.

*Ìràwọ̀ yín kéré sí oòrùn ní ìmọ́lẹ̀, bẹ́ẹ̀ kò yẹ.* Ẹ yọ 4.83 kúrò nínú 4.53 dípò kí ẹ yọ 4.53 kúrò nínú 4.83. Nínú magnitude, nọ́ńbà tó tóbi ni ìmọ́lẹ̀ tó kéré. Bó ṣe dà lórí kodò nìyẹn, ẹ kàn ní láti gbà bẹ́ẹ̀.

*Ìgbóná kéré jù, ó bọ́ sísàlẹ̀ 5,300.* Ó ṣeé ṣe kí ẹ ti mú àwọ̀ BP−RP ti Gaia, tó jẹ́ nǹkan bí 0.82, kí ẹ sì fi sí ibi B−V. Fọ́múlà òkè yẹn kò mọ BP−RP. Bákan náà, magnitude G ti Gaia kì í ṣe V. Ẹ má dà wọ́n pọ̀.

*Ẹ fi díígírì Celsius ṣe ìṣirò fífẹ̀.* Kelvin nìkan ni.

Ibi tí fọ́múlà ìwúwo ti ń parọ́

Ìgbésẹ̀ kẹfà wà fún ìràwọ̀ tó ṣì ń jó háídrójìn ní àárín rẹ̀, bíi oòrùn. Ẹ má lò ó fún ìràwọ̀ tó ti wú. Scheat tí ẹ fi ṣe àmì lójú ọ̀run jẹ́ àpẹẹrẹ tó dára: ìmọ́lẹ̀ tó ń tú jáde ju ti oòrùn lọ ní ìlọ́po ẹgbẹ̀rún kan àti jù bẹ́ẹ̀ lọ. Tí ẹ bá fi 1500 sínú fọ́múlà náà, á sọ fún yín pé ìwúwo rẹ̀ jẹ́ ìlọ́po mẹ́jọ ti oòrùn. Irọ́ ni. Nǹkan bí ìlọ́po méjì ni. Ìwúwo kọ́ ló fún un ní ìmọ́lẹ̀ yẹn, wíwú ni.

Báwo ni ẹ ṣe máa mọ̀ kí ẹ tó ṣi í lò? Ẹ wo ìgbésẹ̀ karùn-ún. Tí B−V bá ju 0.9 lọ tí fífẹ̀ sì jáde ju ìlọ́po mẹ́ta ti oòrùn lọ, ìràwọ̀ wíwú ni, ẹ fi ìwúwo sílẹ̀. SIMBAD náà máa ń kọ irú ìràwọ̀: tí ẹ bá rí III lẹ́yìn lẹ́tà rẹ̀, ìràwọ̀ wíwú nìyẹn.

Ẹ tún yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ìràwọ̀ méjì ló dà bí ọ̀kan lójú. Ìmọ́lẹ̀ méjì tí ẹ kà sí ọ̀kan á sọ agbára ìmọ́lẹ̀, fífẹ̀ àti ìwúwo di àsọdùn.

Ohun tí ọ̀nà yìí kò lè fún yín

Irin inú ìràwọ̀, eré tó fi ń yí, àti plánẹ́ẹ̀tì rẹ̀: gbogbo wọn ń fẹ́ irinṣẹ́ tó ń tú ìmọ́lẹ̀ sí àwọ̀ wínníwínní. Irú rẹ̀ ló fi hàn pé irin tó wà nínú 51 Pegasi, tí a bá fi wé háídrójìn rẹ̀, ju ti oòrùn lọ ní nǹkan bí ìdajì àti díẹ̀. Òun náà ló fi hàn pé plánẹ́ẹ̀tì rẹ̀ ń yí i po ní ọjọ́ 4.23, ó sì ń mú kí ìràwọ̀ náà máa sún síwá-sẹ́yìn ní nǹkan bí mítà 56 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan.

Ẹ dán ọ̀kan wò fúnra yín

Tí ọyẹ́ bá ti gba 51 Pegasi lọ́wọ́ yín, ẹ mú Epsilon Eridani. Magnitude rẹ̀ jẹ́ 3.73, nítorí náà ó ṣeé rí ní Ọbáńtokò pàápàá nígbà tí NEPA bá mú iná lọ. Ó máa ń ga jù nǹkan bí aago mẹ́sàn-án ààbọ̀ alẹ́ níbẹ̀rẹ̀ January, lápá gúúsù, ní dígírì 73. Ẹ wá Rigel, kí ẹ sì wọn ìkúùkù méjì ààbọ̀ sí ìwọ̀ oòrùn rẹ̀.

Parallax rẹ̀ jẹ́ 310.6 mas, B−V jẹ́ 0.88. Ohun tó yẹ kí ẹ rí:

- Jíjìnnà: 3.22 parsec, ọdún ìmọ́lẹ̀ 10.5
- Magnitude tòótọ́: 6.19
- Agbára ìmọ́lẹ̀: 0.29 ti oòrùn
- Ìgbóná: nǹkan bí 5,050 kelvin
- Fífẹ̀: 0.70

Kátálọ́ọ̀gì máa ń kọ 0.34 fún agbára ìmọ́lẹ̀ rẹ̀, àti nǹkan bí 0.74 fún fífẹ̀. Ìṣirò yín kò bàjẹ́. Magnitude V ka kìkì apá ìmọ́lẹ̀ tí ojú wa ń rí, bẹ́ẹ̀ ìràwọ̀ tí kò gbóná tó oòrùn ń tú púpọ̀ nínú ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ jáde níbi tí ojú kò lè rí. Ti 51 Pegasi kò ní àlébù yìí torí ìgbóná rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ bá ti oòrùn dọ́gba. Bí B−V bá ṣe ń ga ju 0.8 lọ, bẹ́ẹ̀ ni kí ẹ ṣe máa retí pé agbára ìmọ́lẹ̀ tí ẹ bá rí á kéré sí òótọ́. Tó bá sì ti ju 1.4 lọ, ẹ má gbára lé e láìkọ́kọ́ wá òǹkà àtúnṣe tí wọ́n ń fi kún magnitude V fún irú ìràwọ̀ bẹ́ẹ̀.